Ọládẹ̀jọ Òkédìjí (1929–2019): Ẹni Tó Mú Ìtàn Ọ̀tẹlẹ̀múyẹ́ Wọ Èdè Yorùbá

Ní kúkúrú

Orúkọ: Ọládẹ̀jọ Òkédìjí
Ìlú: Ọ̀yọ́
Ọdún tí wọ́n bí i: 1929
Ọdún tó papò dà: 2019
Iṣẹ́: olùkọ́, òǹkọ̀wé ìtàn àròsọ àti eré oníṣe
Ìwé ìtàn ọ̀daràn àkọ́kọ́: Àjà Ló Lẹrù (1969)
Akọni inú ìwé rẹ̀: Lápàdé, pẹ̀lú Tàfá Ìgírípá

Ta ni Òkédìjí?

Bí a bá ń ka àwọn tó kọ ìwé Yorùbá ní ọ̀rúndún tó kọjá, orúkọ Fágúnwà ló máa ń ṣíwájú, tí Ọdúnjọ, Fálétí àti Ìṣọ̀lá á sì tẹ̀ lé e. Ó yẹ kí Ọládẹ̀jọ Òkédìjí wà láàárín wọn, nítorí ọ̀nà tí ẹnikẹ́ni kò tíì gbà rí ni ó là. Òun ló mú ìtàn olè, ìtàn apànìyàn àti ìtàn ẹni tó ń tọpinpin wọn, tó sọ ọ́ di ìwé ìtàn gígùn ní èdè Yorùbá, tí ọmọ ilé ìwé àti àgbà jọ ń jà dù.

Ọ̀yọ́ ni wọ́n ti bí i. Iṣẹ́ olùkọ́ ló ṣe. Ilé-Ifẹ̀ ló fi ṣe ibùgbé fún ọ̀pọ̀ ọdún. Ọmọ rẹ̀, Móyọ̀ Òkédìjí, di ayàwòrán àti ọ̀jọ̀gbọ́n nípa ìtàn iṣẹ́ ọnà ní Yunifásítì Texas ní Austin, lórílẹ̀-èdè Amẹ́ríkà.

Ẹni tó bá ń ka àlámànàkì yìí ní Olúpọ̀nnà kò ní ṣàjèjì sí èdè Òkédìjí. Olúpọ̀nnà wà ní Ìjọba Ìbílẹ̀ Ayédire, tí Ilé-Ògbó jẹ́ olú rẹ̀, nítòsí Ìwó. Èdè tí wọ́n ń sọ lágbègbè náà kò jìnnà sí ti Ọ̀yọ́. Àwàdà, èébú àti ìfèsì tó kún inú ìwé Òkédìjí, ẹni tó dàgbà sí Olúpọ̀nnà tàbí Ìwó ti ń gbọ́ irú wọn láti kékeré. Nígbà tí ìwé àkọ́kọ́ rẹ̀ jáde ní 1969, abẹ́ ìjọba kan náà ni Ọ̀yọ́, Ìbàdàn, Ifẹ̀, Ìwó àti Olúpọ̀nnà wà, ìyẹn Ìpínlẹ̀ Ìwọ̀ Oòrùn tí wọ́n dá sílẹ̀ ní 1967. Ó di 27 oṣù Kẹjọ 1991 kí Ìpínlẹ̀ Ọ̀ṣun, tí Olúpọ̀nnà wà nínú rẹ̀ báyìí, tó dá dúró.

Ohun tó wà nílẹ̀ kí Òkédìjí tó dé

Láàárín 1929 sí 1930, ìwé ìròyìn Akéde Èkó tẹ ìtàn Ṣẹ̀gilọlá ní ìpín-ìpín. I. B. Thomas ló kọ ọ́, bí ẹni pé obìnrin náà fúnra rẹ̀ ló ń ròyìn ayé rẹ̀ ní Èkó. Ní 1938, ìwé D. O. Fágúnwà àkọ́kọ́, Ògbójú Ọdẹ Nínú Igbó Irúnmalẹ̀, jáde. Láti ìgbà náà, ọdẹ, igbó àti iwin gba ìwé ìtàn Yorùbá kan. Ọ̀pọ̀ òǹkọ̀wé ló tọ ipasẹ̀ Fágúnwà títí tí òun fúnra rẹ̀ fi kú ní oṣù Kejìlá 1963.

Ní 1964 ni nǹkan bẹ̀rẹ̀ sí í yí padà. Ọdún yẹn ni J. F. Ọdúnjọ gbé Ọmọ Òkú Ọ̀run àti Kúyẹ̀ jáde. Ọdún yẹn náà ni Olówólaiyémọ̀ tí Fẹ́mi Jẹ́bọ̀dà kọ jáde. Nínú àwọn ìwé wọ̀nyí, ìyà tó ń jẹ ènìyàn kò ti ọwọ́ iwin wá mọ́, ọwọ́ ọmọ aráyé ló ti ń wá: ọ̀rẹ́ búburú, owó, ojúkòkòrò. Nígbà tó di 1969, Adébáyọ̀ Fálétí gbé Ọmọ Olókùn Ẹṣin jáde, ó fi ìtàn àtijọ́ sọ̀rọ̀ òmìnira. Ọdún kan náà ni Òkédìjí gbé Àjà Ló Lẹrù jáde. Òun kò padà sí igbó, kò sì padà sí ayé àwọn baba ńlá. Ìgboro ìgbà tirẹ̀ ló wọ̀, níbi tí ọlọ́pàá, awakọ̀, ọlọ́tí àti adigunjalè ti ń kọjá lára ara wọn.

Lápàdé àti Tàfá

Lápàdé ti ṣe ọlọ́pàá rí, ó sì ti fi iṣẹ́ náà sílẹ̀ kí ìtàn tó bẹ̀rẹ̀. Ohun tó mú un yàtọ̀ nìyí. Kò ní aṣọ ìjọba lọ́rùn, kò ní ìwé àṣẹ lápò, kò sì sí ọ̀gá tí yóò gbà á sílẹ̀ bí ọ̀rọ̀ bá bẹ́yìn yọ. Bí ó bá rí ìwà ọ̀daràn, kò ní í lè mójú kúrò níbẹ̀. Àwọn ọlọ́pàá tó yẹ kí wọ́n ràn án lọ́wọ́ a sì máa fura sí i, nígbà mìíràn wọn a máa dí i lọ́nà. Báyìí ni òǹkàwé ṣe ń wo ìlú láti ojú ẹni tó mọ òfin dunjú, àmọ́ tí kò gbọ́kàn lé àwọn tó ń ṣọ́ òfin.

Tàfá Ìgírípá ni ọ̀rẹ́ àti ẹmẹ̀wà rẹ̀. Ènìyàn ìgboro ni Tàfá, kò bẹ̀rù ìjà, kò sì ṣe bí ẹni mímọ́. Ibi tí Lápàdé bá ti ń ronú, Tàfá ti ṣe tán láti fò mọ́ ọ̀tá. Àwọn méjèèjì máa ń bá ara wọn ṣàwàdà nígbà tí ewu bá dé ẹnu ọ̀nà, ibẹ̀ gan-an ni dídùn ìwé náà sì wà. Òkédìjí mọ̀ pé Yorùbá kì í pa ẹnu mọ́ lójú ìjà. Ẹni tí wọ́n na ìbọn sí ṣì lè sọ̀rọ̀ tí yóò pa ẹni tó na ìbọn lẹ́rìn-ín, àsìkò ẹ̀rín yẹn ni yóò sì fi bọ́.

Òwe pọ̀ nínú àwọn ìwé yìí, ṣùgbọ́n Òkédìjí kò kàn ń kó wọn jọ. A máa gé òwe sí méjì, a fi ìdajì rẹ̀ sẹ́nu ọ̀daràn. A máa yí ìparí rẹ̀ padà, kí ẹni tó rò pé òun mọ ibi tí ọ̀rọ̀ ń lọ lè kọsẹ̀. Lẹ́nu Lápàdé, òwe jẹ́ ohun ìjà, ó sì tún jẹ́ ọ̀nà láti fi tú àṣírí. Ẹni tó bá fẹ́ mọ bí Yorùbá ìgboro ṣe dùn tó ní ohun tó lé ní àádọ́ta ọdún sẹ́yìn, kí ó ka ìjíròrò Lápàdé àti Tàfá.

Ní 1971, Àgbàlagbà Akàn tẹ̀ lé Àjà Ló Lẹrù. Àwọn méjèèjì yìí ló gbé orúkọ Òkédìjí ga. Lẹ́yìn ọ̀pọ̀ ọdún, ní 2007, Lápàdé tún padà wá nínú Ká Rìn Ká Pọ̀.

Ìlú nígbà tí àwọn ìwé náà jáde

Kì í ṣe èèṣì ni pé irú ìtàn yìí jáde ní àsìkò tó jáde. Ogun abẹ́lé bẹ̀rẹ̀ ní 1967, ó parí ní oṣù Kìíní 1970. Ní 1968 àti 1969, àwọn àgbẹ̀ Àgbẹ̀kọ̀yà dìde sí ìjọba Ìpínlẹ̀ Ìwọ̀ Oòrùn nítorí owó orí, Ìbàdàn àti àwọn abúlé rẹ̀ sì gbóná janjan. Nígbà tí ogun parí, ìbọn ti wà lọ́wọ́ àwọn tí kò yẹ kí ó wà lọ́wọ́ wọn. Ìdigunjalè gbilẹ̀ débi tí ìjọba ológun fi ṣe òfin ní 1970 pé ikú ni ìyà adigunjalè. Ní oṣù Kẹsàn-án 1971, wọ́n yìnbọn pa Iṣọ́lá Oyènúsì, olórí adigunjalè tí òkìkí rẹ̀ kàn, ní Bar Beach l'Ékòó, níṣojú ẹgbẹẹgbẹ̀rún ènìyàn.

Ọdún 1971 yìí náà ni Àgbàlagbà Akàn jáde. Ẹni tó ka ìwé ìròyìn ní òwúrọ̀, tó sì ka Òkédìjí ní alẹ́, ọ̀rọ̀ kan náà ló ń kà. Ìyàtọ̀ tó wà níbẹ̀ ni pé ìwé ìròyìn ń sọ ẹni tí wọ́n mú àti ọjọ́ tí wọn yóò pa á. Òkédìjí ń fi bí ọ̀daràn ṣe ń sọ̀rọ̀ hàn wá, bí ó ṣe ń jẹun, ẹni tó ń bá a tọ́jú ẹrù àti ẹni ńlá tó ń jẹ nínú rẹ̀.

Láti orí ẹni tó ṣe é dé orí ohun tó fà á

Ohun tí ó yẹ kí a fi mọ iṣẹ́ Òkédìjí jù lọ ni pé kò dúró sójú kan. Ní ìbẹ̀rẹ̀, ìbéèrè rẹ̀ ni pé ta ló jẹ̀bi, báwo sì ni ọwọ́ yóò ṣe tẹ̀ ẹ́. Bí ọdún ti ń gorí ọdún, ó bẹ̀rẹ̀ sí í bi ìlú fúnra rẹ̀ léèrè.

Rẹ́rẹ́ Rún (1973) jẹ́ eré oníṣe. Láwúwo, olórí àwọn òṣìṣẹ́, ló wà láàárín rẹ̀. Àwọn òṣìṣẹ́ ń bèèrè ẹ̀tọ́ wọn, àwọn alágbára sì ń wá ọ̀nà láti fọ́ ẹgbẹ́ wọn. Òǹkàwé tó ti mọ Lápàdé yóò máa retí ẹni tí yóò yọ láti gba aláìṣẹ̀ sílẹ̀. Kò sí ẹni náà. Àjálù ni eré náà parí sí. Ìwà ọ̀daràn tó wà níbẹ̀ kò ní ẹni kan ṣoṣo tí ọlọ́pàá lè fi ṣẹ́kẹ́ṣẹkẹ̀ dè, nítorí inú ètò ìlú gan-an ló wà. Ọ̀pọ̀ ló ka eré yìí sí èyí tó jinlẹ̀ jù nínú iṣẹ́ rẹ̀, wọ́n sì ń fi kọ́ni ní ilé ẹ̀kọ́ gíga.

Atótó Arére (1981) lọ jìnnà ju bẹ́ẹ̀ lọ. Ìwé ìtàn ńlá ni, nípa ọmọkùnrin kan tó ń jẹ́ Àlàbí, tí ilé kò tù lára, tí ìgboro wá gbà tọ́. Nínú ìwé Lápàdé, ọ̀daràn ti dàgbà kí a tó bá a pàdé. Nínú Atótó Arére, a rí i láti kékeré. A rí ìjà òbí, a rí ìyà tó jẹ ẹ́, a rí ọ̀rẹ́ tó kọ́ ọ ní nǹkan tí bàbá rẹ̀ kò kọ́ ọ. Nígbà tí ó bá fi máa di ẹni tí ọlọ́pàá ń wá, òǹkàwé kò ní lè fi gbogbo ẹnu bú u mọ́. Òkédìjí kò ní kí a dárí ji olè o. Ohun tó ní kí a ṣe ni pé kí a bi ara wa léèrè ọwọ́ tí àwa náà ní nínú rẹ̀.

Kọ́lá Akínlàdé, ojúgbà rẹ̀

Òkédìjí kò dá oko náà ro. Kọ́lá Akínlàdé wà níbẹ̀, ẹni tó kọ Ta Ló Pa Ọmọ Ọba? (1971) àti Owó Ẹ̀jẹ̀ (1976). Akin Olúṣínà ni ọ̀tẹlẹ̀múyẹ́ inú ìwé tirẹ̀. Ọ̀nà méjèèjì yàtọ̀. Olúṣínà ń ronú, ó ń bèèrè ọ̀rọ̀, ó ń to ẹ̀rí jọ ní ọ̀kọ̀ọ̀kan títí àṣírí yóò fi tú. Lápàdé ní tirẹ̀ ń sáré, ó ń jà, ó ń ṣèṣe, ó sì ń fi ẹnu jà bí ó ti ń fi ọwọ́ jà. Ẹni tó bá fẹ́ràn kí ọ̀rọ̀ ta kókó kí ó sì tú u fúnra rẹ̀, Akínlàdé ni kí ó bá lọ. Ẹni tó fẹ́ gbọ́ ohùn ìlú, Òkédìjí ni tirẹ̀.

Irú wọn ní Scotland

Ìtàn ọ̀daràn gbayì púpọ̀ ní Scotland, orílẹ̀-èdè kékeré tó wà ní àríwá Britain. Edinburgh ni wọ́n ti bí Arthur Conan Doyle ní 1859, ẹni tó dá Sherlock Holmes sílẹ̀. Ìwé Holmes àkọ́kọ́, A Study in Scarlet, jáde ní 1887. Ọ̀pọ̀ kò mọ̀ pé Conan Doyle ti dé etíkun wa rí. Ní ìparí 1881, nígbà tí kò tíì lókìkí, òun ni dókítà inú ọkọ̀ ojú omi Mayumba tó ń ná ìwọ̀ oòrùn Áfíríkà. Èkó ni ibà ti dá a wó, díẹ̀ ló sì kù kí ó kú.

Ní 1977, William McIlvanney gbé Laidlaw jáde, nípa ọlọ́pàá kan ní Glasgow tó ń rò ó pé kí ló sọ ọ̀daràn di ọ̀daràn. Ìwé náà ni wọ́n kà sí ìpilẹ̀ ìtàn ọ̀daràn òde òní ní Scotland. Ní 1987, Ian Rankin, tí wọ́n bí ní Fife ní 1960, bẹ̀rẹ̀ ìtàn ọlọ́pàá tó ń jẹ́ Rebus pẹ̀lú Knots and Crosses. Ọdún yẹn náà ni Val McDermid, tí wọ́n bí ní Kirkcaldy ní 1955, gbé ìwé rẹ̀ àkọ́kọ́ jáde. Lónìí, àjèjì ń lọ sí Edinburgh láti rìn ní òpópónà tí Rebus rìn.

Kí òǹkàwé fi ọdún wéra. Nígbà tí Laidlaw jáde, Àjà Ló Lẹrù ti pé ọdún mẹ́jọ. Yorùbá kò pẹ́ dé ibi ìtàn irú èyí rárá. Ohun tí Scotland fi jù wá lọ ni pé wọ́n ń ra ìwé, wọ́n ń tún un tẹ̀, wọ́n ń fi í ṣe eré lórí tẹlifíṣàn, ilé ìkàwé àdúgbò sì ní i.

Ìwé, ilé ìwé àti ọjà

Òǹkọ̀wé Yorùbá kò rí ọjà ńlá mìíràn yàtọ̀ sí ilé ìwé. Ní ìgbà Òkédìjí, àwọn ilé ìtẹ̀wé bíi Longman, Oníbọnòjé àti Oxford, tó wá di University Press ní Ìbàdàn, ń wá ìwé tí wọn yóò tà fún ilé ìwé girama. Bí ìwé bá wọ inú ètò ìdánwò WAEC, ẹgbẹẹgbẹ̀rún ẹ̀dà ni yóò tà. Bí ó bá jáde kúrò níbẹ̀, ó lè ṣe ọdún mẹ́wàá kí wọ́n tó tún un tẹ̀. Ìdí nìyí tí ẹni tó kàwé ní ọdún 1970 sí 1989 fi mọ Lápàdé, tí ọmọ rẹ̀ kò sì mọ̀ ọ́n.

Nǹkan mìíràn tún wà níbẹ̀. Ní 1974 ni ìjọba fọwọ́ sí àkọtọ́ Yorùbá tí à ń lò báyìí. Àwọn ìwé Òkédìjí àkọ́kọ́ ti jáde ṣáájú ìgbà yẹn. Ẹni tó bá rí ẹ̀dà àtijọ́ nínú àpótí bàbá rẹ̀ kò gbọdọ̀ rò pé òǹkọ̀wé ló ṣi ọ̀rọ̀ kọ.

Àwọn tó ń kọ ọ́ nísinsìnyí

Ọmọ Yorùbá kò dẹ́kun kíkọ ìtàn ọ̀daràn, ṣùgbọ́n èdè Gẹ̀ẹ́sì ni ọ̀pọ̀ wọn ń lò. Tade Thompson gbé Making Wolf jáde ní 2015. Leye Adenle gbé Easy Motion Tourist jáde ní 2016, ó sì gbé ìtàn náà ka Èkó. Oyinkan Braithwaite gbé My Sister, the Serial Killer jáde ní 2018, ìwé náà sì wọ ìwé orúkọ àwọn tí wọ́n kọ́kọ́ yàn fún ẹ̀bùn Booker ní 2019. Femi Kayode tẹ̀ lé wọn pẹ̀lú Lightseekers ní 2021. Wọ́n ń tà ní London àti New York. Inú wa dùn sí i. Ṣùgbọ́n Lápàdé ti ń lé olè ní èdè Yorùbá kí púpọ̀ nínú wọn tó dáyé.

Ọdún mélòó kan láti fi sọ́kàn

1929: Wọ́n bí Ọládẹ̀jọ Òkédìjí ní Ọ̀yọ́.
1938: Ìwé Fágúnwà àkọ́kọ́ jáde.
1963: Fágúnwà kú.
1969: Àjà Ló Lẹrù jáde.
1971: Àgbàlagbà Akàn jáde, Ta Ló Pa Ọmọ Ọba? ti Akínlàdé náà sì jáde.
1973: Rẹ́rẹ́ Rún, eré oníṣe.
1974: Ìjọba fọwọ́ sí àkọtọ́ Yorùbá.
1976: Owó Ẹ̀jẹ̀ ti Akínlàdé.
1981: Atótó Arére.
1987: Ṣàngó, eré oníṣe.
2007: Ká Rìn Ká Pọ̀, Lápàdé padà wá.
2019: Òkédìjí papò dà.

Ọ̀rọ̀ sí òǹkàwé

Ẹni tí kò ka Òkédìjí rí, kí ó fi Àjà Ló Lẹrù bẹ̀rẹ̀, kí ó tẹ̀ síwájú sí Àgbàlagbà Akàn. Lẹ́yìn náà ni kí ó wá Atótó Arére, kí ó sì fi ara balẹ̀ kà á, nítorí ìwé náà kò yára bíi ti ìṣáájú. Kí olùkọ́ Yorùbá tó ń wá eré tí àwọn ọmọ kíláàsì lè ṣe mú Rẹ́rẹ́ Rún.

A bẹ àwọn ilé ìwé girama ní Olúpọ̀nnà, Ilé-Ògbó, Kúta àti Ìwó pé kí wọ́n wá ẹ̀dà ìwé wọ̀nyí sí ilé ìkàwé wọn. A bẹ àwọn ọmọ ìlú tó wà lókè òkun pé bí wọ́n bá ń fi ẹ̀bùn ránṣẹ́ sí ilé ìwé wọn àtijọ́, kí ìwé Yorùbá wà nínú rẹ̀. Ẹni tó bá sì ní ẹ̀dà àtijọ́ nílé, kí ó má ṣe fi í di ẹrù. Kí ó fún ọmọ kan kà.